Ìròyìn Kò Tó Àfojúbà: Fíìmù Kan àti Ọ̀ràn Kódíìnì

Àwọn àgbà ní ìròyìn kò tó àfojúbà, bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ó sì rí nínú ọ̀ràn òògùn ikọ́ tí a ń pè ní kódíìnì ní ilẹ̀ wa. Ọdún púpọ̀ ni àwọn ìwé ìròyìn fi ń kọ ọ́ pé àwọn ọ̀dọ́ ń mu òògùn yìí bí ẹni ń mu ọtí ẹlẹ́rìndòdò. Wọ́n kọ ọ́ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n kọ ọ́ ní èdè Haúsá, wọ́n sì kọ ọ́ ní èdè Yorùbá. Ní ọdún 2017, àwọn aṣòfin àgbà ní Àbújá sọ ọ́ ní gbangba pé ó tó mílíọ̀nù 3 ìgò tí a ń mu lójoojúmọ́ ní ìpínlẹ̀ Kánò àti Jígáwá nìkan. Ọ̀rọ̀ náà gba etí ọ̀tún wọlé, ó sì gba ti òsì jáde. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó di òpin oṣù kẹrin ọdún 2018, fíìmù kan ṣoṣo jáde láti ọ̀dọ̀ ẹ̀ka BBC tí a ń pè ní Africa Eye, kò sì ju bí ọjọ́ kan lọ lẹ́yìn rẹ̀ tí ìjọba àpapọ̀ fi kéde pé òun ti fi òfin de pípo òògùn ikọ́ oníkódíìnì àti kíkó o wọ ilẹ̀ yìí láti òkèèrè.

Sweet Sweet Codeine ni orúkọ fíìmù náà. Ẹni tí ó rìn kiri nínú rẹ̀, tí ó ń bèèrè ọ̀rọ̀, tí ó sì ń dá a ró fún wa, ni obìnrin akọ̀ròyìn kan, ọmọ Nàìjíríà, Ruona Meyer. A fẹ́ sọ̀rọ̀ lónìí nípa irú iṣẹ́ tí obìnrin yìí àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń ṣe, nítorí pé ọ̀pọ̀ nínú àwọn ènìyàn wa kò kà á sí iṣẹ́ rárá, àwọn mìíràn sì kà á sí iṣẹ́ ọ̀tá ìlú.

Ó yẹ kí á kọ́kọ́ ya irú fíìmù yìí sọ́tọ̀ kúrò lára eré tí a ń wò nínú ilé wa lálaalẹ́. Nínú eré, ẹnì kan jókòó, ó ro ìtàn, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ó sì pe àwọn òṣèré pé kí ìwọ ṣe bàbá, kí ìwọ ṣe ìyàwó, kí ìwọ ṣe adájọ́. Bí ẹkún kò bá dùn ún tó, wọn yóò tún un sun. Nínú fíìmù tí à ń wí yìí, kò sí òṣèré kankan. Ẹni tí a rí níbẹ̀ ni ẹni náà gan-an, ilé tí a rí ni ilé rẹ̀, ẹkún rẹ̀ sì ni ẹkún tí ó ń sun yálà kámẹ́rà wà níbẹ̀ tàbí kò sí. Iṣẹ́ ẹni tí ń ṣe irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ni láti wá ibi tí òtítọ́ fara sin sí, kí ó ní sùúrù títí kámẹ́rà yóò fi rí i, kí ó sì to ohun tí ó rí jọ lọ́nà tí yóò fi yé ẹni tí kò sí níbẹ̀. Inú ìtòjọ yìí ni ọgbọ́n rẹ̀ wà, inú rẹ̀ náà sì ni ewu rẹ̀ wà, nítorí pé ẹni tí ó ní àlùmọ́gàjí lọ́wọ́ lè gé ọ̀rọ̀ ẹni kan kù títí yóò fi di òdìkejì ohun tí ó sọ. Nítorí náà ni a fi ń wo ìwà ẹni tí ó ṣe fíìmù kí á tó gba fíìmù rẹ̀ gbọ́.

Ta wá ni Ruona Meyer? Ọmọ olóògbé Godwin Agbroko ni, akọ̀ròyìn tí ó dúró ṣinṣin ní ìgbà ìjọba ológun Abacha. Àwọn ológun fi í sí àtìmọ́lé ní òpin ọdún 1996, ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé PEN ní Amẹ́ríkà sì fún un ní ẹ̀bùn òmìnira ìkọ̀wé ní ọdún 1997. Nígbà tí ó ṣe, ó di alága ìgbìmọ̀ olóòtú ìwé ìròyìn THISDAY. Ní oṣù kejìlá ọdún 2006 ni wọ́n bá òkú rẹ̀ nínú ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ rẹ̀ ní Èkó, wọ́n ti yìnbọn pa á. Àwa tí a ń jókòó kọ irú ojú ìwé yìí lójoojúmọ́ kò lè ka ìtàn yẹn kí ara wa má bù máṣọ.

Obìnrin náà sọ ọ́ nínú fíìmù rẹ̀ pé lẹ́yìn ikú baba àwọn ni àbúrò òun tẹra mọ́ òògùn ikọ́ yìí, tí ó sì di bárakú fún un. Nítorí náà, kì í ṣe àlejò ni ó wá wo ìyà tí ń jẹ àwọn ẹlòmíràn. Inú ilé tirẹ̀ ni iná ti ràn kí ó tó jáde lọ wo ibi tí epo ti ń wá. Ó wù wá kí àwọn òǹkàwé wa kíyè sí èyí, nítorí pé àṣà wa ni láti fi irú nǹkan bẹ́ẹ̀ pamọ́. Bí ọmọ kan bá ya ọ̀mùtí nínú ẹbí, a ó ní ayé ni ó ń ṣe é. Bí ó bá ń sùn lọ́sàn-án gangan lẹ́yìn tí ó mu ìgò òògùn mẹ́ta, a ó ní ibà ni. Obìnrin yìí jáde sójú gbogbo ayé, ó sì sọ pé, nínú ilé wa ni ó ti ṣẹlẹ̀.

Kí ni kódíìnì gan-an? Láti ara òdòdó kan tí a ti ń rí oje ópíọ̀mù ni a ti ń rí i. Mọ̀lẹ́bí mọ́fíìnì ni, èyí tí àwọn dókítà fi ń pa ìrora lára ẹni tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ là níkùn. Nígbà tí kódíìnì bá wọ ara, apá kan nínú rẹ̀ a máa di mọ́fíìnì. Bí dókítà bá wọ̀n ọ́n fún aláìsàn bí ó ti yẹ, ó ń dá ikọ́ dúró, ó sì ń mú ìrora fúyẹ́. Ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá gbé odindi ìgò kan dà sọ́nà ọ̀fun, orí rẹ̀ yóò fò, ara rẹ̀ yóò rọ̀, yóò sì dà bí ẹni pé gbogbo ìbànújẹ́ ayé ti kúrò lọ́rùn rẹ̀. Lọ́jọ́ kejì, ìgò kan kò ní tó mọ́. Bí ó bá pọ̀ jù, èémí yóò máa fà sẹ́yìn díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi dúró. Àwọn ọmọ wa ní ìgboro tún ń pò ó mọ́ tramadol àti igbó àti ọtí ẹlẹ́rìndòdò, wọ́n sì sọ àpòpọ̀ náà ní omi gọ́tà. Ẹni tí ó sọ ọ́ ní orúkọ yẹn mọ ohun tí ó ń wí.

Ohun tí ó mú kí kódíìnì yàtọ̀ sí igbó àti kokéènì ni pé kì í ṣe inú igbó ni a ti ń gbìn ín, kì í sì í ṣe inú ikùn arìnrìn-àjò ni a fi ń gbé e wọlé. Kí òfin ọdún 2018 tó dé, ilé-iṣẹ́ tí ó ní ìwé àṣẹ ni ó ń pò ó. Ó ní páálí tí ó lẹ́wà, ó ní nọ́ńbà ìforúkọsílẹ̀ NAFDAC, adùn èso sì wà nínú rẹ̀ kí ọmọdé lè gbé e mì. Ìyá tí ó bá rí ìgò igbó lọ́wọ́ ọmọ rẹ̀ yóò pariwo. Ṣùgbọ́n bí ó bá rí ìgò òògùn ikọ́, yóò bi í pé, ṣé ikọ́ náà kò tíì lọ ni? Nítorí èyí ni ó fi ráyè wọ inú ilé àwọn ènìyàn pàtàkì, tí ó sì wọ yàrá àwọn obìnrin tí kò lè fẹnu kan ọtí láéláé nítorí ẹ̀sìn wọn.

Ọ̀nà tí àwọn oníròyìn náà tọ̀ nìyí. Wọn kò kàn lọ bá àwọn tí ń mu ún kí wọ́n sì ya àwòrán wọn fún ìtìjú. Wọ́n tọ ipa ìgò náà sẹ́yìn, bí ọdẹ ṣe ń tọ ipa ẹran. Láti ọwọ́ ẹni tí ń mu ún, wọ́n dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ń tà á. Láti ọ̀dọ̀ ẹni tí ń tà á, wọ́n dé ọ̀dọ̀ àwọn tí ń pò ó. Àwọn kan nínú wọn múra bí oníṣòwò, wọ́n fi kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ sára, wọ́n sì jókòó dúnàádúrà pẹ̀lú àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ apoògùn. Ibẹ̀ ni gbogbo ayé ti rí i pé àwọn kan tí iṣẹ́ wọn jẹ́ láti wo ara ènìyàn sàn ṣe tán láti ta òògùn yìí láìsí ìwé dókítà, láìsí ìwé owó, fún ẹnikẹ́ni tí ó bá ti mú owó wá. Ìlọrin wà nínú ìtàn náà, Èkó wà níbẹ̀, Kánò sì wà níbẹ̀. Àwọn ilé-iṣẹ́ tí ọ̀rọ̀ kàn sẹ́ pé àwọn kò lọ́wọ́ sí ohun tí ó lòdì sí òfin. Ọ̀kan nínú wọn sọ pé òun ti lé òṣìṣẹ́ tí ó hùwà bẹ́ẹ̀ kúrò lẹ́nu iṣẹ́.

Àwọn kan wà tí wọ́n bínú sí ọgbọ́n kámẹ́rà ìkọ̀kọ̀ yìí. Wọ́n ní ẹ̀tàn ni, wọ́n ní kò yẹ kí ọmọlúwàbí purọ́ nítorí kí ó lè rí òtítọ́. A kò fojú tín-ín-rín ọ̀rọ̀ wọn. Bí gbogbo oníròyìn bá bẹ̀rẹ̀ sí fi kámẹ́rà sínú bọ́tìnì ẹ̀wù lọ sí ilé onílé, kò ní sí ẹni tí ọkàn rẹ̀ yóò balẹ̀ mọ́. Ṣùgbọ́n èrò tiwa ni pé ọ̀ràn kódíìnì yàtọ̀. Ẹ̀mí àwọn ènìyàn ni ó wà nídìí rẹ̀. Bí oníròyìn bá wọlé láti iwájú, tí ó dá orúkọ rẹ̀, tí ó sì bèèrè pé, ‘Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ń ta òògùn yìí ní ìtàkútà?’, ta ni yóò dá a lóhùn pé bẹ́ẹ̀ ni? A gbà pé kí ó tó ṣe bẹ́ẹ̀, kí ó ti gbìyànjú ọ̀nà mìíràn, kí ohun tí ó ń wá sì jẹ́ ohun tí ó kan gbogbo ìlú, kì í ṣe ohun tí ẹnì kan ń ṣe nínú yàrá rẹ̀.

Ibi tí ọkàn tiwa kò ti balẹ̀ kì í ṣe ọ̀dọ̀ àwọn òǹtajà náà rárá. Ilé kan wà ní Dorayi ní Kánò tí fíìmù náà fi hàn, níbi tí a ti so àwọn tí òògùn ti sọ di ìdàkudà mọ́lẹ̀ pẹ̀lú ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀, àwọn mìíràn mọ́ ìdí igi. Ẹni tí ó wà nínú ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀ kò ní ibi tí yóò sá sí kí kámẹ́rà má baà rí i. Oníṣòwò lè ní òun kò fọhùn. Ẹni tí a so mọ́lẹ̀ kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Bí ó bá gbádùn tán, tí ó padà sílé, tí ó fẹ́ gbéyàwó, àwòrán rẹ̀ ṣì wà lójú ayé. Ó yẹ kí àwọn tí ń ṣe irú iṣẹ́ yìí máa rò ó lẹ́ẹ̀mejì lẹ́ẹ̀mẹta. Síbẹ̀síbẹ̀, bí wọn kò bá fi ilé náà hàn, à bá máa sọ títí di òní pé a ń tọ́jú wọn.

Lílo sinimá láti yí ìwà ìlú padà kì í ṣe ohun tuntun ní ilẹ̀ wa, ó sì pẹ́ ju bí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti rò lọ. Nígbà tí àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń gbé kiri wọ Èkó ní ọdún 1924, òyìnbó kan tí ń jẹ́ William Sellers, òṣìṣẹ́ ìlera, wà lára àwọn tí ó bá a jà. Nígbà tí ó ṣe, ó mú sinimá, ó sì ń fi kọ́ àwọn ará ìlú bí a ti ń pa eku tí a sì ń tún àyíká ṣe. Nígbà tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá ẹ̀ka fíìmù sílẹ̀ fún àwọn ilẹ̀ tí ó wà lábẹ́ wọn ní ọdún 1939, Sellers ni wọ́n fi ṣe olórí rẹ̀. Ọkọ̀ sinimá ń lọ láti ìletò dé ìletò, wọn a ta aṣọ funfun, àwọn ọmọdé a sì péjọ kí oòrùn tó wọ̀. Ní ọdún 1949 ni wọ́n ṣe èyí tí ó fi hàn bí àwọn ará Údì ṣe pawọ́ pọ̀ kọ́ ilé ìgbẹ̀bí, fíìmù yẹn sì gba ẹ̀bùn Oscar.

A kò lè sọ pé iṣẹ́ wọn kò wúlò. Ṣùgbọ́n Sellers ní ìgbàgbọ́ kan tí ó ń bí wa nínú títí di òní: ó gbà pé ọgbọ́n àwọn ènìyàn dúdú kò lè gbé fíìmù tí ó ń sáré, nítorí náà kí a máa ṣe tiwọn ní jẹ́jẹ́, kí ó rọrùn bí ti ọmọdé. Nínú gbogbo fíìmù ìgbà náà, ọwọ́ aláṣẹ ni kámẹ́rà wà, ojú rẹ̀ sì wà lára mẹ̀kúnnù. Mẹ̀kúnnù ni ó ní ìdọ̀tí, mẹ̀kúnnù ni kò mọ̀wé, mẹ̀kúnnù ni kí ó yí ìwà padà. Ẹ wá wo bí ọ̀rọ̀ ti yí padà. Ọmọ ìlú ni ó mú kámẹ́rà lọ́wọ́ ní ọdún 2018, ó sì kọ ojú rẹ̀ sí àwọn tí ń po òògùn àti àwọn tí ó yẹ kí ó máa ṣọ́ wọn. A kò sì ní fi ọ̀kan pamọ́: owó òkèèrè ni a fi ṣe é. Ó dùn wá pé àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ilẹ̀ wa, tí ó pọ̀ bí òkúta, kò tíì ṣe irú rẹ̀ kí BBC tó ṣe é. Tẹlifíṣọ̀n tí ìjọba ń bọ́ kò lè gbó mọ́ ìjọba, èyí tí oníṣòwò sì ń bọ́ yóò rántí ẹni tí ń san owó ìpolówó òògùn.

Ìgboyà irú èyí ti wà lára wa rí ṣá o. Nígbà tí Hubert Ogunde gbé eré rẹ̀ Yorùbá Ronú jáde ní ọdún 1964, ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn fi òfin de ẹgbẹ́ òṣèré rẹ̀. Ní ọdún 2019, ọmọbìnrin mìíràn, Kiki Mordi, bá ẹ̀ka BBC kan náà ṣe fíìmù nípa àwọn olùkọ́ yunifásítì tí ń fi máàkì wá ara obìnrin, ní Èkó àti ní Gánà. Yunifásítì Èkó lé olùkọ́ méjì kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ní ọdún 2021 nítorí irú ìwà bẹ́ẹ̀, Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Àgbà sì ti fọwọ́ sí àbádòfin kan lórí rẹ̀ ní oṣù keje ọdún 2020. Àwọn obìnrin méjèèjì yìí ni orúkọ wọn wọ inú ìdíje International Emmy, Meyer ní ọdún 2019, Mordi ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e.

Ẹ jẹ́ kí á padà sí ọ̀ràn òfin náà. Àwọn kan ti sọ ọ́ di àlọ́ pé fíìmù dé, ìjọba sì jí. Kò rí bẹ́ẹ̀ pátápátá. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2018 ni Ilé-iṣẹ́ Ètò Ìlera ti yan ìgbìmọ̀ kan láti wádìí ọ̀ràn kódíìnì, ìmọ̀ràn ìgbìmọ̀ yẹn sì ni Mínísítà, Ọ̀jọ̀gbọ́n Isaac Adéwọlé, sọ pé òun tẹ̀ lé. Ó ní kí àjọ NAFDAC má ṣe fún ẹnikẹ́ni ní àṣẹ mọ́ láti kó kódíìnì wọlé fún òògùn ikọ́, kí àwọn apoògùn sì máa lo èyí tí a ń pè ní dextromethorphan dípò rẹ̀. Láàárín ọ̀sẹ̀ kan, NAFDAC, tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Mojísọ́lá Adéyẹyè jẹ́ olórí rẹ̀, ti ti ilé-iṣẹ́ apoògùn mẹ́ta pa fún ìgbà díẹ̀, méjì ní Ìlọrin, ọ̀kan ní Èkó, nítorí pé wọn kò jẹ́ kí àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ rí ìwé tí wọ́n fẹ́ yẹ̀ wò. Ohun tí fíìmù ṣe ni pé ó mú ìwé jáde láti inú fáìlì. Ẹnikẹ́ni tí ó bá mọ bí fáìlì ṣe ń sùn ní ọ́fíìsì ìjọba yóò mọ̀ pé iṣẹ́ ńlá ni èyí.

Ṣùgbọ́n bí iná kò bá tán lára aṣọ, ẹ̀jẹ̀ kì í tán léèékánná. Òfin dé, ìgò kódíìnì kò sì tán. Ó wọ abẹ́ kátá, owó rẹ̀ gun òkè, ẹni tí kò lè rà á sì yíjú sí ohun mìíràn. Àwọn oníṣòwò kò sùn. Ní oṣù kejì ọdún 2025, àwọn Africa Eye tún gbé fíìmù mìíràn jáde, èyí tí ó fi hàn pé ilé-iṣẹ́ kan ní Mumbai ní ilẹ̀ Íńdíà ń po òògùn méjì, tapentadol àti carisoprodol, pọ̀ sínú hóró kan, wọ́n sì ń kó o wá sí Nàìjíríà, Gánà àti Côte d'Ivoire. Ìjọba Íńdíà fi òfin de àpòpọ̀ náà lẹ́yìn ìgbà tí fíìmù jáde. Ẹ rí i pé bákan náà ni eré ìje yìí ń lọ: kámẹ́rà ń lé, òògùn ń sá, bí a bá ti dí ihò kan, ó ti gbẹ́ òmíràn.

Ọ̀kan nínú ohun tí fíìmù ọdún 2018 ṣe fún wa ní ìhà ìhín, láìmọ̀, ni pé ó jẹ́ kí á sùn. Kánò ni ojú gbogbo ènìyàn wà. Àwọn ará wa wò ó, wọ́n káàánú àwọn ará òkè Ọya, wọ́n sì padà sẹ́nu iṣẹ́ wọn. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2019 ni ìwádìí tí àjọ ìṣirò ilẹ̀ wa àti ẹ̀ka Ìparapọ̀ Àwọn Orílẹ̀-èdè tí ń rí sí ọ̀ràn òògùn olóró ṣe jáde. Wọ́n rí i pé mílíọ̀nù 14.3 ènìyàn láàárín ọmọ ọdún 15 sí 64 ni ó lo òògùn olóró láàárín ọdún kan ní Nàìjíríà, láìka ọtí àti sìgá mọ́ ọn. Mílíọ̀nù 4.6 lo òògùn apara-dákẹ́ bí tramadol àti kódíìnì láìsí ìdí ìṣègùn, mílíọ̀nù 2.4 sì lo òògùn ikọ́. Ẹkùn wo ni ó ṣe ipò kìn-ín-ní? Ìwọ̀ Oòrùn Gúúsù ni, ilẹ̀ tiwa, pẹ̀lú ìdá 22.4 nínú 100. Ìpínlẹ̀ Èkó jẹ́ 33 nínú 100, ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ sì jẹ́ 23. Gbogbo ẹkùn Àríwá Ìwọ̀ Oòrùn tí Kánò wà nínú rẹ̀ kò ju 12 lọ. Ẹni tí ó ń ka èyí ní Mushin tàbí ní Bẹẹrẹ, kí ó má ṣe sọ pé ọ̀rọ̀ Haúsá ni.

Àwọn àgbà ní kí á kọ́kọ́ lé akátá lọ ná, kí á tó wá fàbọ̀ bá adìyẹ wí. A lé akátá díẹ̀ ní ọdún 2018. Adìyẹ ńkọ́? Ìwádìí kan náà sọ pé nínú àwọn tí òògùn ti wọ̀ lára jù lọ, nǹkan bí 40 nínú 100 ni ó fẹ́ ìtọ́jú tí wọn kò rí i. Ilé ìwòsàn Aro ní Abẹ́òkúta wà, òun ni ibi tí olóògbé Ọ̀jọ̀gbọ́n Adéoyè Lámbò ti fi han gbogbo ayé láti ọdún 1954 pé ẹni tí orí rẹ̀ dàrú lè máa gbé pẹ̀lú ẹbí nínú abúlé, kí ó máa lọ gba ìtọ́jú, láìsí ṣẹkẹ́ṣẹkẹ̀, láìsí pàṣán. Yábàá náà wà. Ṣùgbọ́n mélòó ni Aro lè gbà? Bí bàbá kan ní Ṣakí tàbí ní Ìkàrẹ́ bá jí ní òru tí ọmọ rẹ̀ ń fọ́ ilé, ta ni yóò gbé e lọ bá? Àwọn tí ó wà nítòsí rẹ̀ ni yóò gbé e lọ bá, àwọn náà yóò sì dè é.

A kò fi ẹnu lásán sọ èyí. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2019 ni àwọn ọlọ́pàá wọ ilé kan ní Ìbàdàn, wọ́n sì kó ènìyàn 259 jáde níbẹ̀, ọkùnrin, obìnrin àti ọmọdé. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, ẹbí wọn ni ó fi owó wọn mú wọn lọ síbẹ̀ pé kí a bá wọn tún ìwà wọn ṣe. Kò sí Kánò nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ìbàdàn ni, ìlú tí ilé ìwòsàn yunifásítì ilẹ̀ wa àkọ́kọ́ wà.

Nítorí náà ni a fi ń bèèrè lọ́wọ́ àwọn olóòtú fíìmù Yorùbá, àwọn tí ó ní kámẹ́rà tí ó dára ju ti BBC lọ, tí wọ́n sì mọ ọ̀nà dé gbogbo ààfin àti gbogbo ọjà ní ilẹ̀ yìí: ta ni nínú yín tí yóò ṣe èyí tí ó jẹ́ tiwa? A kò wí eré tí ọmọ oníkódíìnì yóò ti yí padà ní ìparí, tí olùṣọ́-àgùntàn yóò sì gbàdúrà fún un. Ẹ lọ sí àwọn ilé kẹ́míìsì tí kò ní apoògùn tí ó kàwé nínú ní ìgboro Ìbàdàn àti Òṣogbo. Ẹ jókòó ní gáréèjì ní agogo márùn-ún ìdájí kí ẹ rí ohun tí àwọn awakọ̀ ń gbé mì kí wọ́n tó kó èrò. Ẹ bá àwọn ìyá sọ̀rọ̀, ní èdè tí àwọn ìyá ń sọ. Fíìmù ọdún 2018 kò sọ Yorùbá púpọ̀, ìyá tí ń ta ẹ̀fọ́ ní Bódìjà kò sì ní wá a kiri orí ẹ̀rọ.

Lọ́dọ̀ àwọn gómìnà wa mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, ohun tí a ń bèèrè kò ṣòro láti kà. Kí wọ́n sọ fún àwọn ará ìlú iye ibùsùn tí ó wà ní ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan lónìí fún ìtọ́jú ẹni tí òògùn ti di bárakú fún, iye dókítà àti nọ́ọ̀sì tí ó wà nídìí rẹ̀, àti iye tí ìdílé kan yóò san fún oṣù kan. Bí wọ́n bá fi iye náà ránṣẹ́ sí wa, a ó tẹ̀ ẹ́ jáde ní ojú ìwé yìí gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti kọ ọ́.